Agogo Tó Ń Dún Lẹ́yìn Abẹ́òkúta

Ohun tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ni pé Bàbá Dẹ́rẹ́bà ń wa reluwé láti inú yàrá rẹ̀. Kì í ṣe lójú àlá o. Wọ́n ní lọ́sàn-án gangan, bí aago kan bá ti lù, ilẹ̀kùn bàbá náà ní àdúgbò wa ní Ìjẹ̀ṣà-Tẹ̀dó á tì gbọin, èéfín á yọ lábẹ́ rẹ̀, reluwé á gbéra, ó di Ìbàdàn. Wọ́n ní èrò máa ń wọ̀ ọ́. Wọ́n ní ẹnìkan yọjú lójú fèrèsé, ó rí obìnrin kan tó gbé agbọ̀n adìyẹ lé ẹsẹ̀, obìnrin náà sì bi í pé, "Ẹ jọ̀ọ́, ṣé Agége rèé?" Ìyá Ìrètí tó ń ta búrẹ́dì lẹ́nu ọ̀nà wa tilẹ̀ fi Bíbélì búra pé ewúrẹ́ òun tó sọnù lọ́dún tó kọjá, reluwé yẹn ló gbé e lọ. Àwọn kan ti rí ewúrẹ́ náà ní Abẹ́òkúta, ó ti bímọ, ó sì ti ń sọ èdè Ẹ̀gbá.

Èmi kì í gba ọ̀rọ̀ àdúgbò gbọ́ bí mi ò bá tíì fi tèmi kún un. Mo fi kún un pé orí bẹ́ẹ̀dì bàbá ni kíláàsì kìíní, abẹ́ bẹ́ẹ̀dì sì ni kíláàsì kẹta. Kí ilẹ̀ tó ṣú, ọ̀rọ̀ náà ti dé Ojúẹlẹ́gbà. Nígbà tó fi máa padà sọ́dọ̀ mi, ó ti ní kọ́ọ̀ṣì tí wọ́n ti ń jẹun.

Ọláṣùpọ̀ ni orúkọ bàbá náà. Wọ́n bí i sí Ògbómọ̀ṣọ́, ó gbéyàwó ní Mushin, ó sì ṣiṣẹ́ reluwé títí wọ́n fi ní kó lọ sinmi. Ó ga, ó tín-ín-rín, tó fi jẹ́ pé bó bá ń dìde lórí àga, ó máa ń pẹ́ kó tó parí rẹ̀. Kakí ló ń wọ̀ lójoojúmọ́, ó sì máa ń lọ̀ ọ́ tí etí apá rẹ̀ á mú débi pé Ìyá Ìrètí lè yá a fi gé búrẹ́dì. Lára ògiri yàrá rẹ̀, àsíá méjì ló so mọ́ ìṣó, ọ̀kan pupa, ọ̀kan aláwọ̀ ewé, pẹ̀lú fèrè ẹnu kan tó ti dúdú. Gbogbo wa ló ń pè é ní Bàbá Dẹ́rẹ́bà. Àwọn tó ṣáájú wa dé àdúgbò ló fi orúkọ náà lé wa lọ́wọ́, kò sì sí ẹni tó bi wọ́n léèrè. Àsíá wà, fèrè wà, kakí wà. Kí ni ó tún kù?

Ìyàwó rẹ̀ ti di olóògbé. Ọmọ kan ṣoṣo ló bí, Adéfúnmiláyọ̀, tí gbogbo wa ń pè ní Àǹtí Fúnmi. Nọ́ọ̀sì ni ní Kánádà. Ó ti pẹ́ tó ti wálé gbẹ̀yìn, ọmọ rẹ̀ Ayọ̀miídé kò sì tíì fojú kan Èkó rí. Ìdí nìyẹn tó fi ra láptọ́ọ̀pù fún bàbá rẹ̀, kí wọ́n lè máa rí ojú ara wọn. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan tó ń jẹ́ Jude ló gbé e wá láti Kánádà, ó so íńtánẹ́ẹ̀tì pọ̀ mọ́ ọn, ó kọ́ bàbá bí wọ́n ṣe ń gbé ìpè. Nígbà tó ń lọ, àánú bàbá ṣe é. Ó ní kó má baà máa wo ògiri láti òwúrọ̀ dalẹ́, ó fi géèmù kan sí i, géèmù àtijọ́ tí wọ́n fi ń wa reluwé. Ìgbà tí kọ̀ǹpútà ṣì ní ikùn lẹ́yìn bí aláboyún ni wọ́n ṣe géèmù náà.

Jude padà sí Kánádà. Bàbá jókòó síwájú reluwé, ó kù kó fìdí mulẹ̀ níbẹ̀ bí igi ọ̀pẹ.

Ẹ má rò pé eré ló fi ń ṣe. Bí aago méjìlá àbọ̀ bá lù, bàbá ti jẹ búrẹ́dì àti ẹ̀wà rẹ̀ tán, ó ti ṣan ẹnu, ó ti so aago ọwọ́ rẹ̀ àtijọ́ mọ́ ọwọ́. Aago kan géérégé, reluwé kúrò ní Ìdó, nítorí aago kan ni reluwé ìgbà tiwọn máa ń kúrò ní Ìdó. Ìlú òyìnbó ni ọ̀nà inú géèmù náà gbà, àmọ́ bàbá kò ka ìyẹn sí. Ibùdókọ̀ tó ní ṣọ́ọ̀ṣì, ó sọ ọ́ ní Agége. Afárá orí odò ńlá, Abẹ́òkúta nìyẹn. Ilẹ̀ funfun báláú tó tẹ́ lọ láti ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀nà dé òpin ńkọ́?

"Oko òwú ni," bàbá ló wí bẹ́ẹ̀.

Ẹ rí i pé ìdajì ohun tí àdúgbò sọ jẹ́ òótọ́. Bàbá ń wa reluwé nínú yàrá. Èéfín abẹ́ ilẹ̀kùn náà jẹ́ òótọ́, ẹ̀fọn ló ń fín. Obìnrin alágbọ̀n adìyẹ nìkan ni mi ò lè ṣàlàyé.

Wàhálà géèmù àtijọ́ ni pé wọ́n ṣe é nígbà tí kọ̀ǹpútà kì í ṣe ju nǹkan kan lọ lẹ́ẹ̀kan náà. Ó dà bí àgbà ìdílé tó wá sílé ọmọ rẹ̀ fún ìgbà díẹ̀. Ó gba yàrá, ó gba pálọ̀, ó gba àga tó dára jù, ó sì gbé rímóòtù tẹlifíṣọ̀n sábẹ́ itan. Bí géèmù náà bá ti ṣí, gbogbo ojú láptọ́ọ̀pù di tirẹ̀ láti igun dé igun. Ohunkóhun mìíràn tó bá fẹ́ yọjú, ẹ̀yìn rẹ̀ ló máa wà. Bí èèyàn bá sì fi ipá tì í sẹ́gbẹ̀ẹ́, ó máa bínú kú ni. Ojú láptọ́ọ̀pù á dúdú, reluwé á pòórá tòun ti èrò. Bàbá ti rí ìyẹn lẹ́ẹ̀kan, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ gbààwẹ̀ fún àwọn èrò náà. Láti ìgbà náà, bó bá ti gbéra ní Ìdó, kì í fọwọ́ kan nǹkan mìíràn títí tó fi máa gúnlẹ̀ ní Ìbàdàn. Bó bá gúnlẹ̀ tán, ó kàn máa ń tẹ ibi tí wọ́n ti ń pa láptọ́ọ̀pù, ó parí.

Lákòókò yẹn náà ni fóònù kékeré tó ń lò jábọ́ sínú korobá omi ìwẹ̀. Ó ní kí wọ́n má ṣe ra òmíràn. "Ṣebí inú láptọ́ọ̀pù ni ọmọ mi ń pè mí sí."

Láti ọjọ́ náà, kò rí ojú ọmọ rẹ̀ mọ́.

Habeeb, ọmọ àbúrò ìyàwó rẹ̀ tó ń gbé yàrá kejì nínú ilé náà, ló kọ́kọ́ mọ̀ pé nǹkan ti dàrú. Ọ̀kadà ni Habeeb fi ń gbé ẹrù kiri Èkó, ẹsẹ̀ rẹ̀ kì í sí nílé lọ́sàn-án. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ó fi fóònù tirẹ̀ so bàbá àti ọmọ pọ̀.

"Bàbá mi, ojoojúmọ́ ni mò ń pè yín," Àǹtí Fúnmi ló sọ bẹ́ẹ̀. "Bí mo bá ti ń ti ibi iṣẹ́ òru dé, kí n tó bọ́ bàtà, ẹ̀yin ni mò ń pè."

"Ojoojúmọ́ èwo? Mo ń jókòó síwájú ẹ̀rọ yẹn lójoojúmọ́. Kò dún."

"Ó ń dún, Bàbá. Ó ń dún títí ó fi ń rẹ̀ ẹ́. Ẹ̀yin lẹ ò gbé e."

"Fúnmi, ṣé irọ́ ni mò ń pa fún ọ ni?"

Kò sí ohun tí ọmọ tí wọ́n kọ́ lẹ́kọ̀ọ́ lè fi dá ìbéèrè yẹn lóhùn. Bó bá ní bẹ́ẹ̀ ni, ó ti bú bàbá rẹ̀. Bó bá ní bẹ́ẹ̀ kọ́, òun ló purọ́. Bàbá dá fóònù padà fún Habeeb, kò sì gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ mọ́. "Bó bá fẹ́ rí mi, ó mọ ibi tí mo wà." Ní ìhà tirẹ̀, ọmọ rẹ̀ ti gbàgbé rẹ̀, ó tún ń fi irọ́ bò ó mọ́lẹ̀. Ní ìhà ti ọmọ, bàbá òun ń bínú sí òun, òun kò sì mọ ohun tóun ṣe.

Ibi tí ọ̀rọ̀ wà nìyẹn nígbà tí òkìkí wa dé òkè òkun. Ìyá Ìrètí ló fi ohùn ránṣẹ́ sí Àǹtí Fúnmi lórí WhatsApp. Ó ki Bàbá, ó ki reluwé, ó mẹ́nu ba ewúrẹ́, ó sì dárúkọ kíláàsì kìíní orí bẹ́ẹ̀dì. Fúnmi gbọ́ ọ ní àgbọ́tún. Nọ́ọ̀sì ni, ó ti rí àgbàlagbà tí àdánìkanwà mú lórí. Ó pe Habeeb, ó ní kó mú bàbá lọ sí ilé ẹbí ní Ògbómọ̀ṣọ́ lọ́jọ́ Sátidé, níbi tí èèyàn á ti máa wà yí i ká. Ó ní kí wọ́n fi láptọ́ọ̀pù sílẹ̀.

"Ẹkún ló ń sun nígbà tó ń sọ ọ́," Habeeb ló sọ fún wa bẹ́ẹ̀.

Habeeb gbé báàgì ìrìnàjò jáde, ó gbé e sórí àga. Bàbá wò ó. Kò bínú, kò jiyàn. Ó kàn lọ síbi ògiri, ó tú àsíá méjèèjì kúrò lára ìṣó, ó ká wọn jẹ́jẹ́, ó tò wọ́n sínú báàgì náà. Fèrè ẹnu ló gbé lé wọn lórí. Kò fi aṣọ kankan sí i.

Ìyẹn ni Habeeb kò lè fara dà. Ó wọlé, ó jáde, ó tún wọlé, ó wá gun ọ̀kadà rẹ̀ lọ sọ́dọ̀ Sìmíátù.

Sìmíátù ń tún láptọ́ọ̀pù ṣe nínú ṣọ́ọ̀bù kékeré kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ mọ́sáláṣí. Ọmọ Mushin pọ́ńbélé ni. Híjáàbù rẹ̀ kì í yẹ̀ lórí, ọ̀rọ̀ kì í sì í tán lẹ́nu rẹ̀. Ó máa ń bá láptọ́ọ̀pù jà bí ẹni ń bá ọmọ ìyá rẹ̀ jà. Habeeb ní kó wá wò ó bóyá ẹ̀rọ náà ló bàjẹ́ tí kì í fi í dún, kí òun lè mọ ẹni tó ń purọ́ láàárín bàbá àti ọmọ.

Ọjọ́bọ̀ ló wá. Ó pẹ́ díẹ̀, aago kan ti kọjá.

"Ẹ káàsán, Bàbá. Habeeb ní kí n wá wo láptọ́ọ̀pù yín."

"Káàsán, ọmọ mi. A ti gbéra. Jókòó."

"Ìṣẹ́jú díẹ̀ péré ni mo fẹ́, màá kàn..."

"A ti kọjá Agége. Àbí wàá bẹ́ sílẹ̀ ni?"

Sìmíátù wo bàbá, ó wo ojú láptọ́ọ̀pù, ó jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì. Kíláàsì kìíní nìyẹn.

Ó gbìyànjú láti dákẹ́. Kò pẹ́ rárá.

"Bàbá, kí ni gbogbo funfun yìí?"

"Oko òwú."

"Òwú lórí òrùlé ilé?"

"Ó so dáadáa lọ́dún yìí."

Ẹ̀rín fẹ́ pa á, ó fi etí híjáàbù di ẹnu. Wọ́n lọ, wọ́n lọ. Bàbá ń sọ orúkọ ibùdókọ̀ fún un bí wọ́n ti ń kàn wọ́n, ó ń sọ ibi tí wọ́n ti ń ta ẹyin sísè, ibi tí ọ̀bọ ti máa ń fò lé orí kọ́ọ̀ṣì. Sìmíátù tó ní òun fẹ́ lo ìṣẹ́jú díẹ̀ ti bọ́ bàtà, ó ti ká ẹsẹ̀ sókè. Wọ́n gun afárá Abẹ́òkúta, wọ́n sọdá rẹ̀. Aago mẹ́rin kọjá díẹ̀.

Agogo kan bẹ̀rẹ̀ sí í dún. Ó rọra ń dún láti ọ̀nà jíjìn, bí ohun tí wọ́n bò mọ́ abẹ́ ìkòkò.

Bàbá gún ẹ̀yìn rẹ̀ nà. Ó tẹ fèrè reluwé, ó fọn ọ́n gígùn, ó fọn ọ́n lẹ́ẹ̀kejì, ọwọ́ òsì rẹ̀ sì gòkè díẹ̀ kúrò lórí itan bí ẹni tó fẹ́ juwọ́ sí èèyàn.

"Bàbá, kí ló ń dún yẹn?"

"Agogo ibùdókọ̀ ni. Omi-Àdìó ló ń bọ̀ yẹn. Ibí yìí ló máa ń dún, kì í yẹ̀. Ní ìgbà tiwa, wọ́n á lu agogo láti ibùdókọ̀ kan sí èkejì pé reluwé ń bọ̀. Kò bójú mu kí wọ́n lu agogo fún èèyàn kó má dáhùn, mo máa ń fọn fèrè fún wọn."

Sìmíátù ti dìde. "Bàbá. Kò sí agogo nínú géèmù yìí. Ẹ̀yìn géèmù ló ti ń dún. Ẹnìkan ló ń pè yín."

Bàbá kò bi í pé ta ni. Ọwọ́ rẹ̀ ṣì wà lórí fèrè.

"Ojoojúmọ́ ló ń dún," ó ní. Kò dà bí ẹni pé Sìmíátù ló ń bá sọ̀rọ̀. "Ojoojúmọ́."

Ó wá ṣe ohun tí òṣìṣẹ́ reluwé kan kò gbọdọ̀ ṣe. Ó tẹ bíréèkì, ó dá reluwé dúró gbagidi láàárín oko òwú, níbi tí kò sí ibùdókọ̀, tí kò sí iná, tí èrò kankan kò ti lè sọ̀. "Yọ mí jáde," ó ní.

Sìmíátù tẹ bọ́tìnnì méjì pọ̀. Ojú láptọ́ọ̀pù dúdú kirimú. Nígbà tó fi máa mọ́lẹ̀ padà, reluwé ti lọ, agogo náà ti dákẹ́. Ohun tó kù ni orúkọ Fúnmi àti àmì ìpè tí ẹnikẹ́ni kò gbé, lábẹ́ rẹ̀ òmíràn, lábẹ́ ìyẹn òmíràn, wọ́n tò lọ sísàlẹ̀ bí èèrùn. Bàbá fi ìka tẹ̀ lé wọn lójú láptọ́ọ̀pù. Sìmíátù sáré tẹ nọ́ńbà náà padà. Ó dún, ó dún, kò sí ẹni tó gbé e. Ẹni tó ti ibi iṣẹ́ òru dé ti gbé fóònù sílẹ̀, ó ti lọ sùn.

Ní ìrọ̀lẹ́, Habeeb dé pẹ̀lú iṣẹ́ tí Àǹtí Fúnmi rán an kó tó sùn. "Bàbá, Àǹtí Fúnmi ní òun pè lónìí náà. Ó ní ó tó báyìí. Ó ní òun ò ní pè mọ́, pé ó ń dun òun jù." Nígbà tí wọ́n sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ fún un, ó gbá orí mú. "Ẹ jẹ́ kí n sọ fún un nísinsìnyí!"

"Wàá sọ kí ni?" bàbá bi í. "Pé agogo Omi-Àdìó ni mo pè é? Pé mo ń fọn fèrè fún un? Ẹni tó ti rò pé orí mi dàrú, ṣé ìyẹn ló máa tún un ṣe? Bẹ̀ ẹ́ kó pè lẹ́ẹ̀kan sí i. Má sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Òun ló ní mi ò gbé e, èmi ni màá gbé e."

"Ó dáa, Bàbá," Sìmíátù dá sí i. "Lọ́la, ẹ má wa reluwé. Ẹ jókòó, kí ẹ dúró dè é."

"Rárá."

"Bàbá, ọmọ yín àbí géèmù?"

"Mo fẹ́ kó rí mi nídìí ọkọ̀," ó ní. "Ìdí wà tí mo fi ń wà á. Bó o bá lè jẹ́ kí àwọn méjèèjì wà lójú kan, reluwé níbí, ọmọ mi lọ́hùn-ún, màá ṣàdúrà fún ọ títí kan àwọn ọmọ ọmọ rẹ."

Sìmíátù gbé láptọ́ọ̀pù náà lọ sí ṣọ́ọ̀bù. Òun ló sọ èyí tó kù fún mi. Ó ní ìgbà àkọ́kọ́ tóun gbìyànjú láti fún géèmù náà ní àyè kékeré, ó kọ̀, ó kú. Ìgbà kejì, ó gbà, àmọ́ àwọ̀ dàrú, oko òwú pupa bí epo, ojú ọ̀run di àwọ̀ ewúro. Ìgbà tó tún un ṣe, reluwé wá ń sáré. Kọ̀ǹpútà ayé òde òní yára ju ohun tí géèmù náà mọ̀ lọ, kí èèyàn tó gbé itọ́ mì, Ìdó ti di Ìbàdàn, Ìbàdàn ti di ibi tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀. Sìmíátù bú géèmù náà, ó bú ẹni tó ṣe é, ó tọrọ àforíjì lọ́wọ́ Ọlọ́run, ó tún bú u.

Ẹ̀yìn náà ló rí ètò kékeré kan tó ń tan irú géèmù bẹ́ẹ̀ jẹ. Ẹ mọ bí ọmọ onílẹ̀ Èkó ṣe máa ń ta ilẹ̀ kan náà fún èèyàn méjì, tí olúkúlùkù á sì máa rò pé òun nìkan ló ra gbogbo rẹ̀? Bí ètò náà ṣe ń ṣe nìyẹn. Ó ń sọ fún géèmù pé, "Alàgbà, gbogbo ilẹ̀ yìí, tiyín ni," bẹ́ẹ̀ ìdajì ojú láptọ́ọ̀pù péré ló fún un. Géèmù gbàgbọ́. Inú rẹ̀ dùn. Ó jókòó sínú ìdajì, ó ń ṣe bí ọba.

Ọjọ́ Jímọ̀, gbogbo àdúgbò ló ti gbọ́. Kí aago mẹ́ta tó lù, yàrá bàbá ti kún, ọ̀dẹ̀dẹ̀ ti kún. Ìyá Ìrètí mú okùn dání, bóyá wọ́n á rí ewúrẹ́ rẹ̀. Orí bẹ́ẹ̀dì kò gbà mí, mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, etí kíláàsì kẹta.

Bàbá ń wakọ̀, ojú rẹ̀ le. Reluwé wà ní apá òsì, ó kéré, ó mọ́ kedere. Apá ọ̀tún ṣófo.

"O ti gé reluwé mi kù," ó ń kùn sí Sìmíátù.

"Kò kù, Bàbá. Ó sún díẹ̀ ni, kí ẹlòmíràn lè jókòó."

Wọ́n dé Abẹ́òkúta. Wọ́n gun afárá, wọ́n sọdá rẹ̀. Aago mẹ́rin lù. Gbogbo wa dákẹ́, títí kan Ìyá Ìrètí, ohun tí kò ṣẹlẹ̀ rí láti ìgbà tí wọ́n ti dá Ìjẹ̀ṣà-Tẹ̀dó sílẹ̀. Kò sí agogo. Bàbá dín eré reluwé kù. Wọ́n dé ibi tí ó máa ń dún, wọ́n kọjá rẹ̀. Kò dún. Bàbá tún dín in kù, reluwé náà ń rá bí ìgbín, ó ń fa ẹsẹ̀ lórí irin bí ẹni tí kò fẹ́ kúrò níbẹ̀. Habeeb wo báàgì orí àga, ó sì gbé ojú kúrò.

Nígbà náà ló dún.

Ọwọ́ bàbá kò dúró gbọ́ ti bàbá. Ó lọ síbi fèrè fúnra rẹ̀, ó fọn ọ́n gígùn.

"Bàbá!" Sìmíátù pariwo. "Ọ̀tún! Ọ̀tún! Èyí tó láwọ̀ ewé yẹn!"

Bàbá tẹ èyí tó láwọ̀ ewé. Fèrè ṣì ń dún lọ́wọ́ nígbà tí ojú Fúnmi yọ ní apá ọ̀tún, pẹ̀lú aṣọ nọ́ọ̀sì lọ́rùn, fìlà onírun lórí. Ó ti la ẹnu láti sọ̀rọ̀. Kò sọ ọ́. Ó ń gbọ́ fèrè náà. Ọwọ́ rẹ̀ gòkè, ó bẹ̀rẹ̀ sí í juwọ́, kò dà bí àgbà obìnrin rárá, ó ju gbogbo apá láti èjìká bí ọmọdé tó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú irin.

"Bàbá mi," ó ní. "Fèrè yẹn..."

"Èmi ni. Ojoojúmọ́ ni mò ń fọn ọ́n fún ọ, Fúnmi. Mo ń gbọ́ ọ. Mi ò mọ̀ pé ìwọ ni."

Bí ó ti ń ṣàlàyé agogo, oko òwú àti Omi-Àdìó, ọmọ rẹ̀ ń rẹ́rìn-ín, omi sì ń bọ́ lójú rẹ̀ sórí aṣọ iṣẹ́. Kò pẹ́ tí orí kékeré kan fi ti tirẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ayọ̀miídé ni.

"Bàbá Àgbà! Ẹ wò ó!" Ó gbé fóònù ìyá rẹ̀ sójú fèrèsé. Ìta funfun báláú. Òrùlé funfun, igi funfun, ọ̀nà funfun.

Bàbá wo ọ̀tún, ó wo òsì. Ó tún wo ọ̀tún.

"Òjò dídì ni, Bàbá," Fúnmi sọ fún un.

"Ṣé ẹnu ọ̀nà yín ni mo ti ń gbà kọjá láti ọjọ́ yìí?" bàbá bi í, ohùn rẹ̀ sì wálẹ̀.

Fúnmi nu ojú. Ó rí nǹkan lẹ́yìn bàbá. "Habeeb, kí ni báàgì yẹn ń ṣe níbẹ̀?"

"Àǹtí, ṣebí ẹ̀yin lẹ ní..."

"Gbé e padà síbi tó wà. Jọ̀ọ́."

Habeeb ti tú u kí ó tó parí ọ̀rọ̀. Ó fa àsíá yọ, ó nà án sí bàbá. Ariwo sọ. Ìyá Ìrètí fò sókè tòun ti okùn rẹ̀: "Àǹtí Fúnmi, ẹ kú oríire o! Dẹ́rẹ́bà gidi ni bàbá yín! Nínú gbogbo dẹ́rẹ́bà tí wọ́n ní ní Ìdó, kò sí irú rẹ̀!"

Fúnmi wolẹ̀. Mo rí i, mi ò sì mọ ìdí rẹ̀. Bàbá náà rí i. Ó gba àsíá aláwọ̀ ewé lọ́wọ́ Habeeb, ó fi ọwọ́ kejì dín eré reluwé kù, ó yíjú sí wa.

"Ẹ dákẹ́, kí n tún ọ̀rọ̀ yìí ṣe fún yín, kí ẹ yé dà á rú mọ́. Ìyá Ìrètí, ewúrẹ́ yín kò bá mi lọ. Mi ò gbé ẹran rí láìgba tíkẹ́ẹ̀tì. Ìwọ tó o jókòó sílẹ̀ yẹn, kò sí kíláàsì kẹta lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì mi, bàtà ìyá Fúnmi ló wà níbẹ̀, má fi ẹsẹ̀ tì í. Pé mò ń wa reluwé nínú yàrá, òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n mi ò jẹ́ dẹ́rẹ́bà rí láyé mi. Gáàdì ni mí, ẹni tó ń fi àsíá àti fèrè ẹnu sọ fún dẹ́rẹ́bà pé kó gbéra. Kọ́ọ̀ṣì tó gbẹ̀yìn pátápátá ni mo wà láti ọjọ́ tí mo ti wọṣẹ́ títí tí mo fi fẹ̀yìn tì. Dẹ́rẹ́bà ló ń rí ibi tí à ń lọ. Èmi, ibi tí a ti kúrò ni mo ń rí. Ìyá Fúnmi máa ń gbé e dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ irin ní Mushin. Dẹ́rẹ́bà á fọn fèrè, ọmọ á máa juwọ́, kọ́ọ̀ṣì á máa kọjá, á kọjá, á kọjá, kó tó wá kàn mí. Àsíá yìí ni mo máa ń jù sí i. Nígbà tó dé ilé ìwé, wọ́n bi í níṣẹ́ bàbá rẹ̀. Ó ní dẹ́rẹ́bà reluwé."

"Bàbá, ọmọdé ni mí nígbà yẹn," Fúnmi ń sọ láti ọ̀hún. "Ẹ jọ̀ọ́. Ọmọdé ni mí."

"Ṣé mo bá ọ wí? Olùkọ́ rẹ kí mi ní dẹ́rẹ́bà, mo jẹ́ ẹ. Àdúgbò gbà á, mo ń jẹ́ ẹ lọ. Mi ò lè sọ pé ọmọ mi purọ́. Nígbà tí Jude wá ṣí nǹkan yìí síwájú mi, tó ní, 'Bàbá, iwájú lẹ máa jókòó sí,' mo ní ó yá." Ó na àsíá náà sí ojú láptọ́ọ̀pù, ó jù ú lẹ́ẹ̀kan, díẹ̀díẹ̀. "Ìdí tí mo fi ń wà á nìyẹn, ẹ̀yin ará àdúgbò. Kí ohun tí ọmọ mi sọ lè di òótọ́. Ẹ jókòó báyìí, a ò tíì dé Ìbàdàn."